Ọkọ tó ń sá fún ìyàwó nínú sinimá: ta gan-an là ń fi ṣe yẹ̀yẹ́?

Ẹ fi ọkọ tó ń bẹ̀rù ìyàwó rẹ̀ sínú eré àwàdà Yorùbá kankan, ẹ̀rín ti dé nìyẹn. Bí ọkùnrin bá yọ́ wọlé lóru, tó bọ́ bàtà rẹ̀ sọ́wọ́ kí ẹsẹ̀ má baà dún, tí ìyàwó sì ti dúró sẹ́nu ọ̀nà tòun ti orógùn lọ́wọ́, kí ẹnikẹ́ni tó la ẹnu sọ̀rọ̀ ni àwọn òǹwòran ti ń yí gbirigbiri. Ọ̀pọ̀ èèyàn ló gbà pé àwọn aláwàdà wa ló dá irú eré bẹ́ẹ̀ sílẹ̀. Bẹ́ẹ̀, ó ti lé ní ọgọ́rùn-ún ọdún tí àwọn òyìnbó ti ń fi àwòrán yìí gan-an pa owó, láti ìgbà tí sinimá kò tíì lè fọhùn rárá. Òun ni mo fẹ́ kí a jọ yẹ̀ wò lónìí, ẹ̀yin òǹkàwé wa, nítorí pé ẹ̀rín náà ní ẹ̀gún nínú.

Ní oṣù kẹjọ ọdún 1903, nígbà tí wọ́n kọ́kọ́ gbé sinimá hàn ní Gbọ̀ngàn Glover nílùú Èkó, àwòrán lásán ló ń rìn lára aṣọ funfun, ẹnu àwọn inú rẹ̀ ń mì ṣùgbọ́n ẹnikẹ́ni kò gbọ́ ohùn wọn. Bó ṣe rí káàkiri ayé nìyẹn títí di ọdún 1927, nígbà tí fíìmù Amẹ́ríkà tí wọ́n pè ní The Jazz Singer jẹ́ kí àwọn èèyàn gbọ́ orin àti ọ̀rọ̀ láti ẹnu òṣèré. Ṣáájú ìgbà náà, aláwàdà tó bá fẹ́ kí wọ́n rẹ́rìn-ín, ojú, ọwọ́, ẹsẹ̀ àti ìdí ni yóò fi sọ̀rọ̀. Ọ̀rọ̀ tó sì rọrùn jù lọ láti fi ara sọ, tí ará Faransé, ará Íńdíà àti ará Èkó yóò lóye láìsí ògbufọ̀, ni ọ̀rọ̀ lọ́kọláya. Gbogbo ayé ló ń gbéyàwó, gbogbo ayé ló sì ń jà nílé.

Ẹ wo Laurel àti Hardy, àwọn aláwàdà méjì tí ọ̀kan tín-ín-rín, tí èkejì sì sanra bí àgbá. Nínú Their Purple Moment tí wọ́n ṣe ní ọdún 1928, Laurel ní láti kó owó iṣẹ́ rẹ̀ fún ìyàwó, ṣùgbọ́n ó ń yọ díẹ̀díẹ̀ nínú rẹ̀ pamọ́. Ìyàwó rẹ̀ rí owó náà, ó kó o, ó sì fi ìwé pélébé tí kò lè ra ohunkóhun lọ́jà dípò rẹ̀. Laurel kò mọ̀. Òun àti Hardy parọ́ fún àwọn ìyàwó wọn, wọ́n jáde lọ sílé ìgbafẹ́, wọ́n bá àwọn obìnrin méjì tí kò rí owó oúnjẹ wọn san pàdé, àwọn ọ̀gá wa sì ní àwọn yóò bá wọn san án. Ìgbà tí Laurel fẹ́ sanwó ló ṣẹ̀ṣẹ̀ rí ohun tó wà lápò òun. Ojú rẹ̀ nígbà náà, ẹ jẹ́ ká sọ òótọ́, kò sí ẹni tí kò ní pa lẹ́rìn-ín.

Harold Lloyd náà ṣe tirẹ̀ ní ọdún 1924, ó pè é ní Hot Water. Ìyàwó rán ọkọ lọ́jà, ọkọ tún lọ jẹ tòlótòló ààyè níbi tẹ́tẹ́, ó wá kó gbogbo ẹrù náà wọ ọkọ̀ èrò. Wọ́n lé e bọ́ sílẹ̀. Ó délé, ó bá ìyá ìyàwó lójúlé, ìyá náà sì ti fẹ́ẹ̀ di onílé. Bẹ́ ẹ bá ti wo mẹ́wàá nínú àwọn fíìmù bẹ́ẹ̀, ẹ ó rí i pé ọ̀kan náà ni wọ́n: ọkọ jẹ́ ọmọdé, ìyàwó jẹ́ ọlọ́pàá, ìyá ìyàwó ni adájọ́.

Àmọ́ ohun kan wà tí mo ṣàkíyèsí. Nígbà tí ọkọ bá jáde nílé, kámẹ́rà máa ń tẹ̀ lé e ni. Kì í dúró sílé pẹ̀lú ìyàwó. A ó bá ọkọ dé ilé ọtí, a ó bá a sá fún ọlọ́pàá, a ó bá a ṣubú sínú omi, inú wa yóò sì ti wà pẹ̀lú rẹ̀ kó tó padà délé. Ìyàwó, ẹnu ọ̀nà nìkan la ti ń rí i, pẹ̀lú ojú líle. Kí ló ń ṣe láti àárọ̀? Ta ló san owó ilé? Kí ni ìyàwó Laurel fẹ́ fi owó tó gbà náà ṣe? Fíìmù kò bi í. Ẹni tí a bá tẹ̀ lé jáde la máa ń gbè, ẹni tó sì ń dúró sílé nìkan ni yóò jẹ́ ọ̀dájú.

Kì í ṣe pé gbogbo wọn ló rí bẹ́ẹ̀. Buster Keaton ṣe One Week ní ọdún 1920, nínú èyí tí tọkọtaya tuntun gba ilé tí wọ́n kó sínú àpótí, tí wọ́n ní láti fi ọwọ́ ara wọn tò. Ọ̀tá kan ti yí nọ́ńbà ara àpótí padà, ilé náà sì wọ́ bí ẹsẹ̀ akàn. Ohun tó wù mí nínú rẹ̀ ni pé tọkọtaya yìí jọ ń ṣiṣẹ́ ni. Ìyàwó kì í dúró sí ẹ̀gbẹ́ kan máa pariwo, ọkọ kì í sì í sá fún un. Ilé ni ọ̀tá àwọn méjèèjì. Irú rẹ̀ ṣọ̀wọ́n.

Ṣùgbọ́n Keaton kan náà ló ṣe Seven Chances ní ọdún 1925. Ọ̀dọ́mọkùnrin kan gbọ́ pé bàbá àgbà òun fi mílíọ̀nù méje dọ́là sílẹ̀ fún òun, bí òun bá lè gbéyàwó kí aago méje alẹ́ tó lù ní ọjọ́ ìbí òun tó pé mẹ́tàdínlọ́gbọ̀n. Ọjọ́ tó gbọ́ náà gan-an ni ọjọ́ ìbí náà. Ó lọ bá ọmọbìnrin tó fẹ́ràn, ọ̀rọ̀ ṣì í sọ, ọmọbìnrin náà bínú kọ̀ ọ́ nítorí pé ó jọ bí ẹni pé owó ló fẹ́ fi òun gbà. Ọ̀rẹ́ rẹ̀ gbé ọ̀rọ̀ náà sínú ìwé ìròyìn (ẹ ò rí i pé ọwọ́ àwa akọ̀ròyìn kì í jìnnà sí wàhálà), ọgọ́rọ̀ọ̀rún obìnrin sì ya bo ṣọ́ọ̀ṣì tòun ti aṣọ ìgbéyàwó funfun, wọ́n lé e gba gbogbo ìgboro, wọ́n lé e gun orí òkè, òkúta ńláńlá tún ń yí tẹ̀ lé e lẹ́yìn.

Bẹ́ ẹ bá fẹ́ mọ bí ẹ̀rín ṣe lè di ìwọ̀sí, ẹ wo ibi kan nínú fíìmù yẹn. Ọkùnrin náà ń tẹ̀ lé obìnrin kan lójú pópó láti lọ fẹ́ ẹ, ó wojú rẹ̀, ó rí i pé aláwọ̀ dúdú ni, ó sì yára pẹ̀yìn dà. Ìyẹn nìkan ni àwàdà náà. Ọmọ ọ̀dọ̀ aláwọ̀ dúdú tó tún wà nínú fíìmù ọ̀hún, òyìnbó ni wọ́n fi nǹkan dúdú kùn lójú. Mo mọ̀ pé àwọn kan yóò ní ayé ìgbà yẹn ni. Ó dára. Ṣùgbọ́n ìdí tí obìnrin yẹn fi jẹ́ ẹ̀fẹ̀ ni pé wọn kò fojú sùn pé òun náà yóò jókòó sí ilé sinimá, tí yóò máa wo ara rẹ̀.

Èyí ló mú mi rántí Akótógbò. Ìlú Ìkálẹ̀ ni, ní Ìjọba Ìbílẹ̀ Ìrèlè, Lárógbò sì ni ọba wọn. Ẹni tó bá mọ èdè Ìkálẹ̀ mọ̀ pé ó yàtọ̀ gidigidi sí Yorùbá tí wọ́n ń sọ nínú fíìmù tí a ń rà lọ́jà. Àwọn àgbàlagbà ibẹ̀ gbọ́ Yorùbá dáadáa, ṣùgbọ́n ẹ̀fẹ̀ a máa pẹ́ kó tó dé ọ̀dọ̀ ẹni tó ní láti kọ́kọ́ túmọ̀ rẹ̀. Mo wá ń rò ó pé sinimá tí kò fọhùn yìí, kò sí èdè tí yóò jẹ́ ìdènà fún un. Ìyẹn ni mo ṣe gbé fíìmù Keaton àti ti Laurel sórí fóònù mi nígbà tí mo dé ibẹ̀, tí mo sì bẹ àwọn ìyá mélòó kan tí wọ́n ń mọ púpurù pé kí wọ́n bá mi wò ó. Ẹ̀yin tí ẹ mọ iṣẹ́ púpurù mọ̀ pé kì í ṣe iṣẹ́ tí èèyàn ń fi sílẹ̀: a ó rẹ ẹ̀gẹ́, a ó fún omi rẹ̀ dànù, a ó mọ ọ́n róbótó, a ó tò ó sórí iná kí èéfín gbẹ ẹ́. Ojú wọn wà lára fóònù, ọwọ́ wọn kò kúrò nínú ẹ̀gẹ́.

Wọ́n rẹ́rìn-ín nígbà tí àwọn ìyàwó aláṣọ funfun ya bo ṣọ́ọ̀ṣì. Ṣùgbọ́n ìyá tó dàgbà jù láàárín wọn kò pẹ́ tó fi béèrè pé, "Ìwọ ọmọ yìí, ọkùnrin yìí kò ní ẹbí ni? Ta ló ń bá a tọrọ ìyàwó?" Mo ní bàbá àgbà rẹ̀ ti kú. Ó ní, "Bàbá àgbà tó kú ló ṣì ń pàṣẹ ìgbéyàwó, àwọn tó wà láàyè kò sì yọjú." Èkejì dá sí i pé kì í ṣe ọkọ ni àwọn obìnrin yẹn ń lé, owó ni, kí n má tan ara mi jẹ. Nígbà tó kan obìnrin aláwọ̀ dúdú yẹn, kò sí ẹni tó rẹ́rìn-ín. Ọ̀kan pòṣé.

Ibi tí ọ̀rọ̀ ti yà mí lẹ́nu ni ti Laurel. Èmi rò pé ọkọ tí owó bọ́ mọ́ lọ́wọ́ nílé ìgbafẹ́ ni yóò pa wọ́n lẹ́rìn-ín. Rárá o. Ìgbà tí ìyàwó rí owó tó kó o ni wọ́n pàtẹ́wọ́, wọ́n rẹ́rìn-ín débi pé ẹ̀gẹ́ bọ́ sílẹ̀ lọ́wọ́ ẹnì kan. Wọ́n ní ìyàwó náà gbọ́n. Wọ́n ní owó oúnjẹ ló gbà padà. Ọ̀dọ́mọkùnrin kan tó wá gba iná sí fóònù rẹ̀ lára jẹnẹrétọ̀ ìtòsí bẹ̀rẹ̀ wo ẹ̀yìn wọn, òun rẹ́rìn-ín níbi tí èmi ti rò pé wọn yóò rẹ́rìn-ín, ó sì ní ìyàwó yẹn burú. Fíìmù kan náà, fóònù kan náà, ìrẹ́rìn-ín méjì.

Láti ìgbà náà ni mo ti ń sọ fún àwọn tó ń bá mi jiyàn pé fíìmù kì í dá nìkan sọ ẹni tó jẹ̀bi. Ẹni tó ṣe é ní ẹni tó ń gbè, ẹni tó ń wò ó náà sì ní tirẹ̀. Wàhálà tó wà níbẹ̀ ni pé àwọn obìnrin kò pọ̀ mọ́ nídìí ẹ̀rọ tí wọ́n fi ń ya fíìmù nígbà tí owó wọ iṣẹ́ náà tán. Mo ní wọn kò pọ̀ mọ́, nítorí pé wọ́n wà níbẹ̀ láti ìbẹ̀rẹ̀. Ní ọdún 1906, obìnrin ará Faransé kan, Alice Guy, ṣe fíìmù kan nínú èyí tí àwọn ọkùnrin ń ránṣọ, tí wọ́n ń lọ aṣọ, tí wọ́n ń tọ́jú ọmọ, tí àwọn obìnrin sì jókòó sílé ọtí, tí wọ́n ń fa sìgá, tí wọ́n ń dẹnu kọ ọkùnrin lójú pópó. Ìgbẹ̀yìn rẹ̀ ni pé àwọn ọkùnrin dìde, wọ́n lé àwọn obìnrin jáde nílé ọtí, wọ́n gba ipò wọn padà. Àwọn kan ní ńṣe ni Guy ń fi àwọn obìnrin tó ń jà fún ẹ̀tọ́ wọn ṣe yẹ̀yẹ́. Èmi kò rí i bẹ́ẹ̀. Ẹni tó bá wo bí ọkùnrin inú fíìmù náà ṣe ń tijú nígbà tí obìnrin ń fipá fà á mọ́ra, tí ara rẹ̀ sì bù máṣọ, yóò béèrè ìdí tí a fi ń pe irú nǹkan náà ní eré ìfẹ́ nígbà tó bá jẹ́ obìnrin ni wọ́n ń ṣe é fún.

Mabel Normand ńkọ́? Aláwàdà tó lórúkọ ni ní ilé iṣẹ́ Keystone ní Amẹ́ríkà, ní ọdún 1914 ó sì ti ń darí fíìmù fúnra rẹ̀. Ó darí Charlie Chaplin nínú Mabel at the Wheel nígbà tí Chaplin ṣì jẹ́ àlejò nínú iṣẹ́ náà. Chaplin fúnra rẹ̀ kọ ọ́ sínú ìwé ìgbésí ayé rẹ̀ pé inú òun kò dùn sí kí Mabel máa darí òun. Ọdún tó tẹ̀ lé e, Chaplin wọ aṣọ obìnrin nínú fíìmù tó pè ní A Woman, ó fá irun ètè rẹ̀, ó sì fi ara rẹ̀ tan bàbá ọmọbìnrin tó ń fẹ́ jẹ. Gbogbo ayé mọ Chaplin títí dòní. Mélòó nínú wa ló gbọ́ orúkọ Mabel rí?

Ẹ jẹ́ ká padà sílé. Àwa náà ti ní àwàdà tí kò nílò ọ̀rọ̀ tipẹ́tipẹ́ kí òyìnbó tó gbé sinimá dé. Ní oṣù kejì ọdún 1826, nígbà tí Clapperton wà ní Ọ̀yọ́ Ilé, Aláàfin ní kí àwọn eégún aláré ṣeré fún un. Ó rí ejò ńlá, ó sì rí eégún kan tó jáde nínú awọ funfun, tó tín-ín-rín, tó ń gbọ̀n bí ẹni òtútù mú: òyìnbó ni wọ́n fi ń ṣe yẹ̀yẹ́, lójú òyìnbó. Nínú eré àwọn aláré, ìyàwó a máa jáde, ṣùgbọ́n ọkùnrin ló wà lábẹ́ aṣọ, nítorí pé obìnrin kì í mawo. Nínú Gẹ̀lẹ̀dẹ́ pẹ̀lú, tí àjọ UNESCO fi ọlá fún ní ọdún 2001, ọkùnrin ló ń so ọmú igi mọ́yà, tó ń wọ aṣọ obìnrin jó. Ṣùgbọ́n ìyàtọ̀ tó wà níbẹ̀ pọ̀. Oníjó Gẹ̀lẹ̀dẹ́ ń fi ijó rẹ̀ tu àwọn ìyá lójú ni. Ó mọ̀ pé wọ́n ń wo òun, ẹ̀rù wọn sì ń bà á. Ẹ̀rín wà níbẹ̀, ṣùgbọ́n ẹ̀rín ẹni tó mọ ibi tí agbára wà ni.

Nígbà tó di ọdún 1946, Hubert Ogunde, tí iṣẹ́ ọlọ́pàá ni tẹ́lẹ̀, kéde pé òun ń wá obìnrin tí yóò ṣeré kí òun sì sanwó fún wọn. Eré Tiger's Empire ni wọ́n fi bẹ̀rẹ̀, òun sì ni ìgbà àkọ́kọ́ tí obìnrin yóò gun orí ìtàgé Yorùbá gẹ́gẹ́ bí òṣèré tó fi í ṣe iṣẹ́. Kò rọrùn. Àwọn òbí kò fẹ́ kí ọmọ wọn tẹ̀ lé eléré kiri. Ọ̀nà tí Ogunde gbà yanjú rẹ̀ ni pé ó fẹ́ púpọ̀ nínú wọn níyàwó. Àwọn èèyàn a máa sọ ọ́ bí ẹni sọ àwàdà, pé ọ̀gá náà gbọ́n féfé. Lójú tèmi, ẹ̀kọ́ ìtàn wa ni: láti lè ṣiṣẹ́ tó wù ú, obìnrin ní láti kọ́kọ́ di ìyàwó ọ̀gá iṣẹ́. Ojú kan náà ni ìgbéyàwó àti ìwé ìgbanisíṣẹ́ fi wo ara wọn. Àwọn obìnrin yẹn ló jó, tó kọrin, tó rán aṣọ, tó tún bímọ lójú ọ̀nà, títí tí ẹgbẹ́ náà fi dé orí sinimá, kí Ogunde tó kú ní ọdún 1990.

Tí a bá wá ń sọ nípa ẹni tó sún mọ́ Chaplin jù lọ láàárín wa, Moses Ọláìyá ni, Bàbá Sàlá. Bí Chaplin ṣe ní fìlà àti ọ̀pá, bẹ́ẹ̀ ni Bàbá Sàlá ní awò ojú ràgàjì àti aago ògiri tó gbé kọ́rùn. Kó tó fọhùn ni a ti ń rẹ́rìn-ín. Ó ṣe Ọ̀run Móoru ní ọdún 1982, àwọn olè fíìmù sì sọ ọ́ di aláìní owó lórí rẹ̀. Ó kú ní oṣù kẹwàá ọdún 2018. Ohun tí mo fẹ́ràn nínú eré rẹ̀ ni pé ọkọ tó ń ṣe, ahun, alágàbàgebè, ẹni tí ojú rẹ̀ kì í kúrò lára obìnrin mìíràn, òun gan-an ni a fi ń ṣe yẹ̀yẹ́. Ìyàwó lè pariwo, ṣùgbọ́n a mọ̀ pé ó ní ìdí. Ọ̀pọ̀ nínú àwọn tó tẹ̀ lé e mú ariwo ìyàwó, wọ́n sì ju ìdí rẹ̀ nù.

Lóde òní, fóònù ti gba iṣẹ́ ilé sinimá. Ọ̀dọ́mọkùnrin á wé gèlè, á fi aṣọ di àyà, á sì di ìyá tàbí ìyàwó tí ń gbá èèyàn létí. Taaooma wà níbẹ̀, obìnrin tó ń dá ṣe ìyá, bàbá àti ọmọ nínú fíìmù kan ṣoṣo, inú mi sì dùn sí i, nítorí pé ìyá tó ń ṣe, bó tilẹ̀ ń gbá ọmọ létí, obìnrin ló rò ó tó sì darí rẹ̀. Mabel Normand ì bá mọ ojú rẹ̀.

Ẹ má rò pé eré lásán ni mo ń sọ o. Ẹ̀yin tí ẹ ti jókòó rí ní kóòtù ìbílẹ̀ mọ̀ bí gbogbo ilé ẹjọ́ ṣe ń bú sẹ́rìn-ín bí ọkùnrin bá sọ pé ìyàwó ń lu òun. Ìwé ìròyìn a máa gbé e jáde bí ẹni gbé àwàdà. Bí obìnrin bá sọ irú rẹ̀, kò sí ẹni tó ń rẹ́rìn-ín, wọn á kàn ní kó lọ ní sùúrù. Àwọn méjèèjì ni wọ́n kò gbọ́ ẹjọ́ wọn. Òfin tí ìjọba àpapọ̀ ṣe ní ọdún 2015 lórí ìwà ipá ka lílu ọkọ tàbí aya sí ọ̀ràn, kò yọ ọkùnrin sílẹ̀, kò yọ obìnrin sílẹ̀. Àmọ́ ọkùnrin tó ti fi ogún ọdún wo ọkọ tí wọ́n ń fi orógùn lé kiri nínú fíìmù, báwo ni yóò ṣe dúró níwájú akọ̀wé kóòtù kó sọ pé wọ́n fi orógùn lé òun? Obìnrin tó sì ti kọ́ láti inú fíìmù kan náà pé ìyàwó tó bá béèrè owó oúnjẹ ni oníjàgídíjàgan, ìgbà wo ni yóò béèrè?

Ohun tí mo ń tọrọ lọ́wọ́ àwọn tó ń ṣe fíìmù wa kò pọ̀. Kí wọ́n fi kámẹ́rà sílé lọ́jọ́ kan. Kí ọkọ jáde lọ sílé ọtí, kí a má tẹ̀ lé e. Kí a bá ìyàwó jókòó, kí a wo bó ṣe ń ka owó tó kù, bó ṣe ń dá àwọn tó wá sin gbèsè lóhùn, bó ṣe ń fi ọgbọ́n tan ọmọ tí ebi ń pa kó lè sùn. Ẹ̀fẹ̀ pọ̀ níbẹ̀ ju ti ilé ọtí lọ. Kò sì nílò owó ńlá, kò nílò ẹni tí yóò túmọ̀ Ìkálẹ̀ sí Yorùbá tàbí Yorùbá sí Gẹ̀ẹ́sì. Fóònù kan tó gba iná dáadáa tó, àti ìyá tí ọwọ́ rẹ̀ wà nínú ẹ̀gẹ́, tó gbọ́ tí ọkọ rẹ̀ ń bọ́ bàtà lẹ́nu ọ̀nà.